Ta Ló Wà Nínú Fọ́tò Yìí?

Ohùn ádímínì yín nìyí láti Jos. Àwọn tí fóìsì kì í ṣí lórí fóònù wọn, àti àwọn tó ń sọ pé dátà àwọn ò tó, akọ̀wé wa á kọ ọ́ sílẹ̀ bó ṣe máa ń kọ ọ́, ẹ ó rí i kà lọ́la. Ẹ̀yin ará Gusau tẹ́ ẹ ní ọ̀rọ̀ mi máa ń gùn, mo gbọ́. Ẹ máa gbọ́ ọ díẹ̀díẹ̀. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ owó dọ́là lónìí, kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ ọkọ̀ ẹrù tó bàjẹ́ sójú ọ̀nà. Ọ̀rọ̀ ọkùnrin kan tó ń ṣe fíìmù ni.

Thomas Allen Harris ni orúkọ rẹ̀. Ọmọ Amẹ́ríkà ni, aláwọ̀ dúdú bíi tiwa, ní Bronx ní Niú Yọ́ọ̀kì ni wọ́n bí i sí. Fíìmù tirẹ̀ kì í ṣe irú èyí tí a máa ń wò lálẹ́, tí ìyàwó ń sunkún tí ìyá ọkọ ń ṣépè. Ìtàn tó ṣẹlẹ̀ gan-an ló ń ṣe, àwọn èèyàn gidi ló ń sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀. Ibi tó sì ti bẹ̀rẹ̀ ni ilé tiwọn: bàbá àgbà rẹ̀, ìyá rẹ̀, ọkọ ìyá rẹ̀, òun fúnra rẹ̀. Ọmọ mi tó wà ní yunifásítì ló fi í hàn mí. Mo bi í pé kí ni kí n fi fọ́tò ìdílé ará Amẹ́ríkà ṣe? Ó ní, "Bàbá, ẹ ṣáà wò ó ná." Mo wò ó, mo sì gbé àga sún mọ́ fóònù.

Bàbá àgbà ọkùnrin yìí fẹ́ràn kámẹ́rà. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún fọ́tò ló yà kó tó kú. Ó tún ní irú kámẹ́rà kékeré tó ń ya fíìmù, èyí tí wọ́n ń pè ní Super 8. Àwọn ọmọ-ọmọ méjèèjì tó dàgbà sínú ilé yẹn, kámẹ́rà náà ni wọ́n dì mú. Àbúrò rẹ̀ ọkùnrin, Lyle Ashton Harris, ayàwòrán tí wọ́n mọ̀ káàkiri ni. Nígbà tí wọ́n wà ní kékeré, ní àwọn ọdún 1970 sí 1979, ìyá wọn kó wọn wá sí Dar es Salaam ní Tanzania, wọ́n gbé ibẹ̀ fúngbà díẹ̀ kí wọ́n tó padà sí Niú Yọ́ọ̀kì. Nítorí náà, ẹ má rò pé ẹni tó jókòó sójú kan ni. Ọmọ ìdálẹ̀ ni bíi tàwọn ọmọ wa.

Ní 2001 ó gbé fíìmù kan jáde tó pè ní É Minha Cara. Èdè àwọn ará Brazil nìyẹn, ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé "ojú mi nìyí." Ó lọ sí Salvador, ní Bahia, ó ń wá ẹni tó jọ ọ́. Fíìmù tí bàbá àgbà rẹ̀ yà, èyí tí ọkọ ìyá rẹ̀ yà, àti èyí tóun fúnra rẹ̀ yà, gbogbo rẹ̀ ló lò pọ̀.

Kí ló dé tó jẹ́ Salvador? Ibẹ̀ gan-an lọ̀rọ̀ ti kàn wá. Àwọn èèyàn wa pọ̀ nínú àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú dé ibẹ̀, Kétu, Ọ̀yọ́, Ẹ̀gbá, àti àwọn mìíràn. 1888 ni Brazil tó fòpin sí oko ẹrú pátápátá. Àwọn tí wọ́n kó lọ yẹn kò ní ìwé, kò ní fọ́tò, wọn ò lè kọ lẹ́tà sílé. Síbẹ̀, wọ́n ń bọ Ṣàngó níbẹ̀ títí dòní, wọ́n ń bọ Ọ̀ṣun, wọ́n ń bọ Ògún. Lọ́jọ́ kejì oṣù Èrèlé lọ́dọọdún, àwọn apẹja máa ń gbé ẹ̀bùn Yemọja lọ sójú òkun ní àdúgbò Rio Vermelho, èrò á kún etí òkun. Orin tí wọ́n ń kọ nínú àwọn ilé òrìṣà yẹn, ọ̀rọ̀ wa ló wà nínú rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn tó ń kọ ọ́ kò lè fi Yorùbá ná ọjà.

Ẹ̀yin ìyá aláàkàrà tẹ́ ẹ wà nínú gúrúùpù yìí, ẹ tẹ́tí. Àwọn obìnrin máa ń jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ títì ní Salvador, aṣọ funfun lọ́rùn, gèlè funfun lórí, wọ́n ń fi epo pupa dín àkàrà. Acarajé ni wọ́n ń pè é. Wọ́n á là á láàárín, wọ́n á fi edé sí i. Ẹni tó bá ti Ògbómọ̀ṣọ́ dé ibẹ̀ lónìí, imú rẹ̀ ló máa mú un dé ọ̀dọ̀ wọn. Iye ọdún tí wọ́n ti fi já okùn àwọn èèyàn yẹn kúrò lára tiwa, ẹ rò ó wò, tí àkàrà ò sì kú.

Mùsùlùmí wà nínú wa, Kìrìsìtẹ́nì wà nínú wa. N kò pe ẹnikẹ́ni sí ìsìn kankan. Ọ̀rọ̀ ojú ni mò ń sọ. Ọkùnrin yìí kàwé dé Harvard, kò sí ohun tí Amẹ́ríkà ní tí kò rí, síbẹ̀ ó gbéra lọ sí ilẹ̀ mìíràn lọ wá ojú ara rẹ̀ láàárín àwọn tí kò mọ̀ rí. Àwa tí a mọ agboolé wa, tí a mọ oríkì wa, a gbé e sínú àpò, a ń tajà kiri. Àwọn ọmọ wa ńkọ́? Ẹ bi ọmọ yín tí ẹ bí sí Kano tàbí Port Harcourt kó ki ara rẹ̀. Kì í ṣe pé ó burú o. Ọmọ náà gbọ́ Hausa, ó gbọ́ Pidgin, ó gbọ́ gẹ̀ẹ́sì, ọlọ́gbọ́n ọmọ ni. Ṣùgbọ́n tẹ́ ẹ bá fi fọ́tò bàbá àgbà hàn án, á ní, "Daddy, who is this man?" Tí kò bá tiẹ̀ bèèrè gan-an ni kí ẹ bẹ̀rù.

Èyí tó wọ̀ mí lára jù nínú iṣẹ́ ọkùnrin yìí kì í ṣe ti Brazil. Ti ọkọ ìyá rẹ̀ ni.

Ará South Africa ni ọkọ ìyá rẹ̀ yìí, Lee ni wọ́n ń pè é. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ dàgbà díẹ̀, ẹ rántí ìjọba ẹlẹ́yàmẹ̀yà. Ní oṣù Ẹrẹ́nà 1960 ni àwọn ọlọ́pàá yìnbọn sí èèyàn ní Sharpeville, èèyàn mọ́kàndínláàádọ́rin ló kú. Ní oṣù tó tẹ̀ lé e, ìjọba fòfin de ẹgbẹ́ ANC. Lọ́dún yẹn kan náà, àwọn ọ̀dọ́kùnrin méjìlá gbéra ní Bloemfontein, ìlú tí wọ́n ti dá ẹgbẹ́ ANC yẹn sílẹ̀ ní 1912. Wọ́n sá kọjá bọ́dà sí ibi tí a ń pè ní Botswana báyìí, wọ́n ń lọ títí wọ́n fi dé Dar es Salaam. Iṣẹ́ tí wọ́n gbé lọ́wọ́ ni pé kí wọ́n lọ sọ fún ayé ohun tí ojú àwọn èèyàn wọn ń rí nílé. Lee wà nínú àwọn méjìlá yẹn. Ó ń rìn ó ń rìn, ó dé Niú Yọ́ọ̀kì, ó fẹ́ obìnrin tó ti ní ọmọkùnrin méjì.

Harris ò gbà á ní bàbá tọkàntọkàn nígbà tó ń dàgbà. Ẹ má dá ọmọ náà lẹ́bi. Ọ̀pọ̀ nínú yín mọ bó ṣe máa ń rí kí àjèjì ọkùnrin wọlé kó máa bá ọmọ wí. Lee gbé ìlú àjò títí ìjọba ẹlẹ́yàmẹ̀yà fi ṣubú. Ní 2000 ó kú, wọ́n sì sin ín sí Bloemfontein, ìlú rẹ̀. Harris gbé kámẹ́rà lọ síbi ìsìnkú náà. Ibẹ̀ ló ti rí àwọn tó kù nínú àwọn méjìlá yẹn, tí irun wọn ti funfun, tí wọ́n jókòó tí wọ́n sì ń sọ ọ̀rọ̀ bí àwọn ṣe jáde nílé, ohun tí ojú àwọn rí, àwọn tí kò padà wá mọ́. Ó fi ìyẹn ṣe fíìmù, ó jáde ní 2005, Twelve Disciples of Nelson Mandela ni àkọlé rẹ̀. Àwọn ọ̀dọ́ Bloemfontein ló kó pé kí wọ́n ṣe bí àwọn méjìlá yẹn ṣe ṣe nígbà tí wọ́n wà ní ọ̀dọ́. Ìyẹn ni pé ọmọ ìlú kan náà ni, wọ́n ń rìn lójú títì tí àwọn bàbá wọn rìn.

Mo dá fíìmù yẹn dúró níbi ìsìnkú, mo jókòó. Mo ń rò ó pé mélòó nínú wa ni bàbá tó bí wa lọ́mọ ló mú wa wá sí Òkè Ọya? Ẹ̀gbọ́n bàbá ni, tàbí ọkọ àǹtí, tàbí ọ̀gá tí a bá kọ́ṣẹ́. A jọ jẹun, a jọ sùn sínú ṣọ́ọ̀bù, ó nà wá, ó kọ́ wa bí a ṣe ń ka owó. Tó bá kú tán, àwa la máa ń ṣètò ọkọ̀ tó máa gbé òkú rẹ̀ lọ sílé. Lálẹ́ tó kù ọ̀la ni wọ́n á wá fi ránṣẹ́ sórí WhatsApp pé kí ẹni tó bá mọ ìtàn bàbá tètè kọ ọ́ wá, àwọn tó ń tẹ ìwé ètò ìsìnkú ń dúró. Kí la máa ń rí kà nínú ìwé náà? Wọ́n bí i, ó lọ sí ìdálẹ̀, ó ṣòwò, ó fẹ́ràn Ọlọ́run, ó fi ọmọ sáyé. Ogójì ọdún èèyàn, ìlà márùn-ún! Ìlà tí wọ́n fi kọ orúkọ ẹni tó gba àlejò gùn jù ú lọ.

Kí ẹ má baà sọ pé ọ̀rọ̀ òyìnbó ni mò ń sọ, ẹ jẹ́ kí n mú un wá sílé tiwa.

Tamale ní Gáná ni bàbá bàbá mi ti ṣòwò, wọ́ṣíwọ́ṣí ló ń tà. Ẹ̀yin ará Ògbómọ̀ṣọ́, Ìlọrin, Ọ̀fà, Ẹjìgbò, ẹ mọ̀ pé àwọn èèyàn wa kún Gáná nígbà yẹn. Ní oṣù Bélú 1969, ìjọba Busia ní kí gbogbo àlejò tí kò ní ìwé ìgbélùú kó jáde láàárín ọ̀sẹ̀ méjì. Ọ̀sẹ̀ méjì. Ẹni tó ti kọ́lé ńkọ́? Ẹni tó tajà láwìn ńkọ́? Bàbá kó ìyàwó àti àwọn ọmọ sínú ọkọ̀, wọ́n wá sílé. Fọ́tò kan ṣoṣo ló bá wọn dé. Bàbá dúró, agbádá ńlá lọ́rùn, obìnrin kan jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kì í ṣe ìyá àgbà wa. Lẹ́yìn fọ́tò náà, òǹtẹ̀ sítúdíò wà, ó ti parẹ́, "Tamale" nìkan ló ṣì ṣeé kà.

Láti kékeré ni mo ti ń rí fọ́tò yẹn lára ògiri. Bàbá mi ní oníbàárà ni obìnrin náà. Àǹtí wa kan ní irọ́ ni, ìyàwó tí bàbá fi sílẹ̀ lọ́hùn-ún ni. Ẹ mọ̀ pé tó bá jẹ́ ìyàwó, ọmọ lè wà níbẹ̀ nìyẹn. Nítorí ẹ̀, ẹnikẹ́ni kì í fẹ́ sọ ọ́ síwájú sí i. Àǹtí yẹn ti di olóògbé, bàbá mi náà ti di olóògbé. Lẹ́yìn tí mo wo fíìmù ọkùnrin yìí tán, mo fi fóònù pe ìyá kan tó ṣẹ́kù nínú àwọn tó bá wọn wọkọ̀ lọ́jọ́ yẹn. Ìyá ti dàgbà gan-an, Ògbómọ̀ṣọ́ ló wà. Mo ní kí ọmọ tó ń tọ́jú rẹ̀ gbé fọ́tò náà sójú rẹ̀ nínú oòrùn. Ìyá wò ó, ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ẹni tó gba kọ́kọ́rọ́ nìyẹn."

Mo ní, "Kọ́kọ́rọ́ wo, Ìyá?"

Ó ní ọmọ Tamale ni obìnrin náà, ó ń tajà nítòsí bàbá. Nígbà tí ìjọba ní kí wọ́n máa lọ, òun ni bàbá kó kọ́kọ́rọ́ ṣọ́ọ̀bù lé lọ́wọ́. Ó ta ọjà tó kù nínú ẹ̀. Ó gba gbèsè lọ́wọ́ àwọn tó jẹ bàbá. Ẹ̀ẹ̀mejì ló fi owó rán awakọ̀, owó náà sì dé ọwọ́ bàbá nílé. Owó yẹn ni bàbá gbé wá sí Jos.

Ẹ̀yin èèyàn mi, ohun tí a ti ń gbọ́ nílé wa láti ọjọ́ tó ti pẹ́ ni pé ọwọ́ lásán ni bàbá bá dé láti Gáná, pé ilẹ̀ ló tà kó tó rí owó bẹ̀rẹ̀ ní Jos. Ìtàn yẹn la fi ń gba ọmọ níyànjú. Ṣọ́ọ̀bù tí mo jókòó sí báyìí, obìnrin kan tí kì í ṣe Yorùbá, tí kò bá wa tan, ló fi òtítọ́ inú rẹ̀ dá a sílẹ̀. Mo bèèrè orúkọ rẹ̀ lọ́wọ́ Ìyá. Ìyá ronú títí. Ó ní orúkọ náà wà lẹ́nu òun, kò fẹ́ jáde. Mo tún pè lọ́sẹ̀ tó kọjá, kò tíì jáde. Ìran mẹ́ta la ti jẹ nínú owó yẹn, a ò sì lè dárúkọ ẹni tó fi í ránṣẹ́.

Ohun tó jẹ́ kí n gbé ọ̀rọ̀ yìí wá sórí gúrúùpù nìyẹn. Láti 2009 ni Harris ti ń ṣe ohun kan, Digital Diaspora Family Reunion ló pè é. Á dé ìlú kan, á ní kí àwọn èèyàn gbé fọ́tò ilé wọn wá. Wọ́n á gbé fọ́tò náà sórí ìbòjú ńlá, ẹni tó ni ín á dìde, á sọ ta ló wà níbẹ̀. Kò sí ọ̀mọ̀wé tó máa sọ ọ́ fún un. Nígbà tó yá, ó di ètò tẹlifíṣọ̀n ní 2019, Family Pictures USA, wọ́n ṣe é ní North Carolina, ní Detroit, àti ní apá kan ní Florida. Ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ ni pé ẹnì kan á sọ ti bàbá rẹ̀, ẹlòmíràn tó jókòó á ní, "Duro, bàbá mi náà ṣiṣẹ́ níbẹ̀." Ìtàn ìlú á bẹ̀rẹ̀ sí í so pọ̀.

Ó tún ṣe fíìmù mìíràn ní 2014 nípa àwọn ayàwòrán aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà láti ayé ẹrú wá. Ìwé ìròyìn àwọn òyìnbó máa ń ya èèyàn dúdú bí aláìnítìjú, bí ọ̀daràn. Nínú álúbọ́ọ̀mù ilé tiwọn, èèyàn dúdú wọ kóòtù, ó gbé ọmọ lẹ́sẹ̀, ara rẹ̀ balẹ̀. Ìyẹn yé mi dáadáa. Ẹ tẹ Jos sórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí ẹ wá fọ́tò, ẹ ó rí iná àti èéfín, 2001, 2008. Ẹ ò ní rí ìyàwó ọ̀gá mi tó jókòó síwájú ọjà pẹ̀lú àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, ọmọ Birom kan, Hausa kan, wọ́n da aṣọ ẹgbẹ́ kan náà. Mo ní fọ́tò yẹn. Àwọn tí ilé wọn jóná nígbà yẹn mọ ohun tí mò ń sọ. Ọjà la ti rà padà. Fọ́tò ìgbéyàwó, ẹ ò rí i rà.

Mo ti gbọ́ ohun tí àwọn kan máa sọ. Àǹtí wa kan ní Kaduna ti fi ránṣẹ́ sí mi ní kọ̀rọ̀ pé ọ̀rọ̀ ilé kì í jáde síta, pé fọ́tò mìíràn ló ń dá ìjà orogún padà, pé ilẹ̀ kan wà ní kóòtù títí di báyìí nítorí ẹni tó dúró sápá ọ̀tún bàbá. Òótọ́ ni wọ́n sọ. Èmi ò ní kí ẹnikẹ́ni tú àpótí sí gbangba. Ẹ mú èyí tí ọkàn yín bá gbà. Èyí tí ẹ bá fẹ́ fi pamọ́, ẹ ṣáà sọ orúkọ àwọn tó wà nínú rẹ̀ fún ọmọ kan nílé.

Ìkìlọ̀ kan tún wà. Àwọn gbájú-ẹ̀ pọ̀. Orúkọ ìdílé ìyá yín tí ẹ bí kó tó lọ́kọ, báńkì máa ń fi bèèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ yín nígbà mìíràn, ẹ má sọ ọ́ lórí gúrúùpù. Ẹ má sọ ọjọ́ ìbí. Ẹni tó bá gbé ohun tí a sọ níbí lọ sí gúrúùpù mìíràn, màá yọ ọ́, kò sí ẹ̀bẹ̀.

Bí a ó ṣe ṣe é nìyí. Kí olúkúlùkù wá fọ́tò kan péré, èyí tó pẹ́. Ẹ yà á lójú oòrùn àárọ̀, ẹ má tan iná fóònù, á máa kọ mànà. Ẹ ya ẹ̀yìn rẹ̀ náà, òǹtẹ̀ sítúdíò lè ṣí ilẹ̀kùn. Kí ẹ tó fi ránṣẹ́, ẹ kọ́kọ́ pe àgbàlagbà kan nílé, kí ẹ sì gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀ nígbà tó bá ń sọ̀rọ̀. Ẹ má bi í pé "ẹ sọ ìtàn ìgbésí ayé yín," á ní kò sí nǹkan. Ẹ bi í pé ọkọ̀ wo ni wọ́n wọ̀ nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ kúrò nílé, ta ló gbà wọ́n sílé lálẹ́ àkọ́kọ́, kí ni wọ́n kọ́kọ́ tà, ta ló ṣe oore fún wọn, ta ló jẹ wọ́n ní gbèsè tó sá lọ. Tẹ́ ẹ bá ti dárúkọ gbèsè, wọ́n á rántí gbogbo ẹ̀.

Alẹ́ ọjọ́ Àìkú, aago mẹ́jọ, la máa bẹ̀rẹ̀. Èèyàn mẹ́ta lálẹ́ kan, ìṣẹ́jú márùn-ún-márùn-ún. Ìyá wa tó ń ta aṣọ ní Gusau ló ní àwọn máa kọ́kọ́ sọ̀rọ̀, wọ́n ní fọ́tò àwọn ti wà nílẹ̀. Èmi máa gbé ti Tamale sórí gúrúùpù lálẹ́ òní, iwájú àti ẹ̀yìn. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ní ẹbí tó ti gbé Tamale rí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi han àwọn àgbà yín. Obìnrin náà wà lápá òsì. Ẹni tó bá mọ orúkọ rẹ̀, kó pè mí, aago yòówù kó lù.